Ọdún Hijra àti Ọdún Òyìnbó: Ìṣirò Àlọ àti Ìṣirò Àbọ̀

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, Ọba tí ó dá oòrùn àti òṣùpá, tí ó sì fi wọ́n ṣe òṣùwọ̀n ọjọ́ fún ẹ̀dá.   Ọ̀rọ̀ ìtàn ni a mú wá lọ́tẹ̀ yìí, ṣùgbọ́n ìṣirò ni ó gbé ìtàn náà dání. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe torí ìyẹn pa ìwé dé. Ìṣirò náà kò ju èyí tí ìyá wa ń ṣe lójú ọjà lọ.

Ní ìlú Ẹdẹ, gẹ́gẹ́ bí ó ti rí ní Ìwó, ní Ìbàdàn àti ní Ìlọrin, ilé tí àpótí tírà wà kò níye. Bí a bá ṣí irú àpótí bẹ́ẹ̀, a ó bá tírà tí eku ti jẹ létí, tí tàdáwà rẹ̀ sì ti ń ṣá. Ní etí ojú ìwé ni àwọn bàbá wa máa ń kọ ohun tí wọn kò fẹ́ gbàgbé sí ní èdè Lárúbáwá: a bí lágbájá, lámọrín papò dà, a ṣí mọ́ṣáláṣí. Ọdún Hijra ni wọ́n ń kọ tì í. Ìwé tí ìjọba ń béèrè lọ́wọ́ àwa ọmọ wọn lónìí, ọdún òyìnbó ni ó ń fẹ́. Nítorí náà a ní láti yí ti àwọn bàbá wa padà sí ti òyìnbó.

Ẹ jẹ́ kí á fi àpẹẹrẹ kan ṣe é. Ká ní ọmọ méjì ni a bí ní agbo ilé kan. Bàbá kọ ọ́ sí etí tírà pé ọdún 1362 ni a bí èkínní, ọdún 1363 ni a bí èkejì. Nígbà tí àwọn ọmọ dàgbà, ẹnìkan tí ó mọ̀wé bá wọn yẹ kàlẹ́ńdà wò. Ó wá ọdún òyìnbó tí ọdún Hijra kọ̀ọ̀kan wọlé nínú rẹ̀. Ó rí i pé ọdún 1362 wọlé ní January 1943, ọdún 1363 náà sì wọlé ní December 1943 kan náà. Ó kọ 1943 fún èkínní, ó kọ 1943 fún èkejì. Kò purọ́ mọ́ ẹnikẹ́ni. Nígbà tí ó yá, eku jẹ tírà náà tán, ó wá ku ìwé tuntun nìkan. Lọ́jọ́ tí ọ̀rọ̀ oyè ẹbí bá délẹ̀, ta ni ẹ̀gbọ́n, ta ni àbúrò?

Àwọn àgbà a máa sọ pé àlọ ni ti ahun, àbọ̀ ni ti àna rẹ̀. Àlọ ọ̀rọ̀ yìí rọrùn, àbọ̀ rẹ̀ ni ó dí. Kí ló dí i? Ṣé gbogbo ìgbà ni ó ń dí? Kí ni a lè ṣe kí ó má baà dí mọ́ àwọn ọmọ wa? Ìyẹn ni a fẹ́ wò.

Bí ọdún Hijra ṣe bẹ̀rẹ̀

Ànọ́bì Muhammad, kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a, ṣí kúrò ní Mẹ́kà lọ sí Mẹ̀dínà ní ọdún 622 ti òyìnbó. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ní ọjọ́ yẹn ni àwọn Mùsùlùmí bẹ̀rẹ̀ sí ka ọdún láti ibẹ̀. Àwọn Lárúbáwá ní oṣù, wọ́n sì mọ orúkọ wọn, àmọ́ wọn kò ní ọdún tí a fi nọ́ńbà kà. Ọdún tí nǹkan ńlá bá ṣẹlẹ̀ ni wọ́n fi ń pe ọdún. Ìdí nìyẹn tí a fi ń sọ pé Ọdún Erin ni a bí Ànọ́bì.

Ní ayé Kálífà Umar, ilẹ̀ Mùsùlùmí ti gbòòrò, ìwé sì ń lọ, ìwé ń bọ̀ láàrin Mẹ̀dínà àti àwọn ìlú tó jìnnà. Àwọn òpìtàn ròyìn pé wọ́n gbé ìwé kan wá síwájú Umar tí ó ní oṣù Sha'ban nínú. Umar béèrè pé Sha'ban wo ni: èyí tó kọjá ni, àbí èyí tí a wà nínú rẹ̀, àbí èyí tó ń bọ̀? Kò sí ẹni tí ó lè dáhùn láti inú ìwé náà. Oṣù wà níbẹ̀, ọdún kò sí. Umar pe àwọn Sàhábà jọ. Ẹnu wọn kò kọ́kọ́ kò: àwọn kan ní kí a kà á láti ìgbà tí a bí Ànọ́bì, àwọn mìíràn ní kí a kà á láti ìgbà tí iṣẹ́ ìríńṣẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Níkẹyìn wọ́n fìmọ̀ ṣọ̀kan lórí ọdún Hijra, wọ́n sì fi Muharram ṣe oṣù àkọ́kọ́. Ọdún kẹtàdínlógún lẹ́yìn Hijra ni èyí ṣẹlẹ̀, ìyẹn 638 ti òyìnbó.

Ẹ fi ìbéèrè Umar yìí sọ́kàn, nítorí a ó tún padà bá a.

Òṣùpá ni ọdún Hijra ń tẹ̀ lé. Ọjọ́ 354 ni, nígbà mìíràn 355. Oòrùn ni ọdún òyìnbó ń tẹ̀ lé ní tirẹ̀, ọjọ́ 365 tàbí 366 ni. Nǹkan bí ọjọ́ 11 ni ọdún wa fi kéré sí tiwọn. Ìdí nìyí tí ẹni tí ó gba àwẹ̀ nínú ọyẹ́ nígbà èwe rẹ̀ fi ń bá a nínú òjò nígbà tí ó bá ń bímọ, tí àwẹ̀ yóò sì tún padà sínú ọyẹ́ kí irun rẹ̀ tó funfun. Bí ọdún òyìnbó bá pé 32, ọdún Hijra ti pé 33 pẹ̀lú ìyàtọ̀ ọjọ́ díẹ̀. Nọ́ńbà méjì yìí, 32 àti 33, ni kọ́kọ́rọ́ ìṣirò wa.

Òfin àlọ àti òfin àbọ̀

Ní ilé ẹ̀kọ́ girama àgbà, olùkọ́ ìṣirò a máa kọ ọ̀rọ̀ òyìnbó mẹ́rin sójú pátákó: function, domain, range àti inverse. Ọ̀pọ̀ ọmọ ni ó ń há wọn sórí láìmọ ohun tí wọ́n ń há. Bẹ́ẹ̀, ẹni tó bá ti wọ mọ́tò rí láti Ẹdẹ lọ sí Òṣogbo ti mọ̀ ọ́n.

Function jẹ́ òfin tí ó ń gba ohun kan lọ́wọ́ wa, tí ó sì ń fún wa ní ohun kan ṣoṣo padà. Kò gbọdọ̀ fún wa ní méjì kí ó ní kí á ṣẹ̀ṣẹ̀ máa ṣà. Domain ni agbo ìgbéra, àwùjọ gbogbo ohun tí òfin náà gbà láti mú. Range ni agbo ìgúnlẹ̀, àwùjọ gbogbo ohun tí òfin náà ń bí jáde. Inverse ni òfin àbọ̀, èyí tí yóò mú ohun tó ti gúnlẹ̀ kí ó dá a padà síbi tí ó ti gbéra gan-an. Bí mọ́tò bá ń lọ, Ẹdẹ ni ìgbéra, Òṣogbo ni ìgúnlẹ̀. Bí ó bá ń bọ̀, Òṣogbo ni ìgbéra, Ẹdẹ ni ìgúnlẹ̀. Bákan náà ni domain àti range ṣe máa ń pààrọ̀ ipò bí a bá yí òfin padà: range àlọ di domain àbọ̀, domain àlọ di range àbọ̀. Ohun tí ìwé fi ojú ewé mẹ́wàá sọ kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ó wá kù kí á fi ọdún ṣe é. Òfin àlọ nìyí: mú ọdún Hijra, sọ ọ́ di ìlọ́po 32, fi 33 pín in, kí o sì fi 622 kún un. Ẹ jẹ́ kí á mú ọdún 1318. Ìlọ́po 32 rẹ̀ jẹ́ 42,176. Bí a bá fi 33 pín in, ó di 1,278 àti díẹ̀. Bí a bá fi 622 kún un, ó di 1900. Lóòótọ́, ọdún 1318 wọlé ní May 1900.

Báwo ni a ó ṣe padà? Ẹni tó wọ bùbá, tó sì wá wọ agbádá lé e, bí ó bá délé, kì í bọ́ bùbá ṣáájú agbádá. Ohun tó wọ̀ kẹ́yìn ni yóò kọ́kọ́ bọ́. Fífi 622 kún un ni a ṣe kẹ́yìn, nítorí náà yíyọ 622 ni a ó kọ́kọ́ ṣe. A fi 33 pín in, nítorí náà a ó sọ ọ́ di ìlọ́po 33. A sọ ọ́ di ìlọ́po 32 ní ìbẹ̀rẹ̀, nítorí náà a ó fi 32 pín in ní ìparí. Ẹ wò ó: 1900, yọ 622 kúrò, ó ku 1278. Ìlọ́po 33 rẹ̀ jẹ́ 42,174. Fi 32 pín in, ó di 1,317 àti díẹ̀ tí kò fi nǹkan kan jìnnà sí 1,318. A ti padà sílé.

Ọmọ tí ó bá fẹ́ bọ́ bùbá ṣáájú agbádá yóò kọ́kọ́ sọ 1900 di ìlọ́po 33, yóò fi 32 pín in, kí ó tó yọ 622. Ohun tí yóò rí ni 1337. Ó ti fi ọdún 19 ṣìnà, bẹ́ẹ̀ àwọn nọ́ńbà kan náà ni ó lò. Nínú ìṣirò àbọ̀, ìṣísẹ̀ ló ṣe pàtàkì.

Ọ̀gbẹ́ni láti Khwarizm

Kí àwọn ọ̀dọ́ wa má ṣe rò pé oko òyìnbó ni irúgbìn yìí ti hù. Ní ayé Kálífà al-Ma'mun, tó jọba láti 813 sí 833, ọ̀mọ̀wé Mùsùlùmí kan wà ní Baghdad, Muhammad ọmọ Musa al-Khwarizmi. Ó kọ ìwé kan lórí ìṣirò al-jabr àti al-muqabala. Inú ọ̀rọ̀ al-jabr ni orúkọ algebra ti jáde. Orúkọ ọ̀mọ̀wé náà fúnra rẹ̀ ni ó di algorithm, tí àwọn oníṣẹ́ kọ̀ǹpútà ń pè lójoojúmọ́. Ní 1145 ni wọ́n túmọ̀ ìwé náà sí èdè Látìn, tí Yúróòpù fi bẹ̀rẹ̀ sí kọ́ ọ.

Ìtumọ̀ al-jabr ni dídá ohun tó yẹ̀ padà sí ipò rẹ̀. Ọ̀rọ̀ yìí náà ni àwọn Lárúbáwá ń lò fún iṣẹ́ ẹni tí ń to eegun. Ohun tí inverse ń ṣe náà nìyẹn. Nọ́ńbà kan ti kúrò ní àyè rẹ̀, a ti lò ó, a ti pín in, a ti fi nǹkan kún un, a wá fẹ́ tò ó padà títí a ó fi mọ ohun tó jẹ́ kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀.

Kì í ṣe eré ni al-Khwarizmi ń ṣe. Apá tó gùn gan-an nínú ìwé rẹ̀ jẹ́ lórí ogún pínpín. Ẹ wo àpẹẹrẹ tí gbogbo ilé Mùsùlùmí mọ̀. Gẹ́gẹ́ bí òfin tó wà nínú Súrátu Nisáì, bí ọkọ bá kú tó sì fi ọmọ sílẹ̀, ìdá kan nínú mẹ́jọ ni ti ìyàwó, lẹ́yìn tí a bá ti san gbèsè, tí a sì ti mú àsọtẹ́lẹ̀ òkú ṣẹ. Bí kò bá fi ọmọ sílẹ̀, ìdá kan nínú mẹ́rin ni. Bí a bá mọ iye ogún, ó rọrùn láti mọ ti ìyàwó. Ẹ wá yí i padà. Ká ní a gbọ́ pé opó kan gba ₦50,000, èló ni gbogbo ogún náà? Bí ọmọ bá wà, ₦400,000 ni. Bí ọmọ kò bá sí, ₦200,000 ni. Ẹni tó sọ ₦50,000 fún wa tí kò sọ ti ọmọ kò tíì fún wa ní ọ̀nà àbọ̀.

Agbo ìgbéra kì í ṣe ohun ìfojúfò

Àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ a máa fojú fo domain bí ẹni pé ọ̀ṣọ́ lásán ni. Ẹ gbọ́ ohun tí al-Khwarizmi ṣe. Ó béèrè pé nọ́ńbà wo ni a ó sọ di ìlọ́po ara rẹ̀, tí a ó wá fi ìlọ́po 10 rẹ̀ kún un, kí àròpọ̀ rẹ̀ lè jẹ́ 39? Ó dáhùn pé 3 ni. Òótọ́ ni, nítorí 9 àti 30 jẹ́ 39. Olùkọ́ ìṣirò òde òní yóò sọ pé ìdáhùn mìíràn wà, ìyẹn òdì 13. Al-Khwarizmi kò mẹ́nu bà á rárá, nítorí ilẹ̀, owó àti ohun ìní ni ó ń ṣírò, a kì í sì í ní ilẹ̀ tí gígùn rẹ̀ jẹ́ òdì. Ó ti pààlà agbo ìgbéra rẹ̀ kí ó tó gbéra. Nítorí pé ó pààlà, àbọ̀ rẹ̀ kò já sí oríta méjì.

Ọ̀rọ̀ ọdún náà ní ààlà tirẹ̀. Agbo ìgbéra òfin àlọ wa bẹ̀rẹ̀ láti ọdún 1 Hijra, nítorí náà agbo ìgúnlẹ̀ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ láti 622. Bí a bá yí i padà, àbọ̀ kò gbọdọ̀ mú ọdún òyìnbó tó ṣáájú 622. Nǹkan bí ọdún 570 ni a bí Ànọ́bì wa. Bí ọmọ kan bá ti 570 sínú òfin àbọ̀, òfin náà kò ní sunkún, kò ní kọ̀, yóò fún un ní òdì 53 àti díẹ̀. Nọ́ńbà ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n ọdún Hijra kan kò wà tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, ọdún tó ṣáájú Hijra ni. Òfin kì í mọ̀ bóyá ohun tí a fi bọ́ ọ yẹ ẹ́. Àwa tí a ń lò ó ni ó yẹ kí á mọ̀.

Ibi tí àbọ̀ ti dí

A ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dé ìdí ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ méjì tí a fi bẹ̀rẹ̀. Kí òfin kan tó lè ní àbọ̀, àwọn méjì tó gbéra kò gbọdọ̀ gúnlẹ̀ sójú kan náà. Bí wọ́n bá pàdé lójú kan, ẹni tó dúró níbẹ̀ kò lè mọ ibi tí yóò dá wọn padà sí.

Ìṣirò 32 àti 33 tí a ṣe lẹ́ẹ̀kan dà bí ọ̀nà tó tọ́, ó ń lọ, ó sì ń bọ̀ láìsí wàhálà. Ṣùgbọ́n ìṣirò ìfojúdá ni. Nínú kàlẹ́ńdà gidi, ìgbà mìíràn wà tí ọdún Hijra méjì ń wọlé nínú ọdún òyìnbó kan ṣoṣo. Ó ṣẹlẹ̀ ní 1943, ó ṣẹlẹ̀ ní 1976, ó sì tún ṣẹlẹ̀ ní 2008, nígbà tí ọdún 1429 wọlé ní January, tí 1430 sì wọlé kí December tó tán. Ní gbogbo ìgbà tí èyí bá ṣẹlẹ̀, ẹni tó kọ ọdún òyìnbó nìkan ti so ọdún méjì mọ́ èèkàn kan.

Kódà ní àwọn ọdún tí kò rí bẹ́ẹ̀, ìfojúdá a máa yẹ̀ sí apá kan. Ní February 1804 ni Ṣéú Usman dan Fodio ṣe hijra tirẹ̀ láti Degel lọ sí Gudu. Oṣù Dhul-Qa'dah ọdún 1218 ni. Ẹ fi òfin àlọ wa ṣe 1218, ẹ ó rí 1803. Ẹ fi òfin àbọ̀ ṣe 1804, yóò sún mọ́ 1219. Àṣìṣe ọdún kan ní àlọ, àṣìṣe ọdún kan ní àbọ̀, nítorí pé oṣù kò sí nínú ohun tí a fi bọ́ òfin náà.

Ẹ wo ti ilẹ̀ wa níhìn-ín. Ní 23 September 1886 ni wọ́n fọwọ́ sí ìwé àdéhùn láti parí ogun Kírìjì. Bí a bá ti 1886 sínú òfin àbọ̀, ìdáhùn yóò bọ́ sí agbedeméjì 1303 àti 1304, bí ẹni tó dúró sí ojú ààlà. Èwo ni? Ọjọ́ àti oṣù ni ó dá a. Ọdún 1304 kò tíì wọlé ní ọjọ́ náà, ó ku nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kan. Nítorí náà ìparí oṣù Iléyá ọdún 1303 ni.

Ohun tí èyí kọ́ wa ni pé bí a bá ń ka ọdún nìkan, àbọ̀ lè dí. Bí a bá kọ ọjọ́, oṣù àti ọdún, ọjọ́ Hijra kọ̀ọ̀kan ní ọjọ́ òyìnbó tirẹ̀, ọ̀nà sì ṣí ní ìhà méjèèjì. Ìyàtọ̀ ọjọ́ kan tàbí méjì tó lè kù nítorí rírí oṣù, orúkọ ọjọ́ inú ọ̀sẹ̀ ni yóò tún un ṣe. Ìdí nìyẹn tí àwọn akọ̀wé Lárúbáwá àtijọ́ kan fi ń kọ Jímọ̀ tàbí Alámísì tì í.

Ìlù Ẹdẹ mọ òfin yìí

Ẹni tó bá dàgbà ní Ẹdẹ ti gbọ́ orúkọ Tìmì Adétòyèsè Láoyè, tó jọba láti 1946 títí di 1975. Kìrìsìtẹ́nì ni kábíyèsí náà, ṣùgbọ́n ọba gbogbo ará ìlú ni. Ó lókìkí nídìí ìlù, ọwọ́ ara rẹ̀ ni ó fi ń lù ú, ó sì kọ̀wé lórí ìlù Yorùbá kí ayé lè mọ̀ ọ́n.

Ìlù dùndún náà ní òfin àlọ. Ó ń gba ọ̀rọ̀ ẹnu, ó ń sọ ọ́ di ohùn òkè, ohùn àárín àti ohùn ìsàlẹ̀. Bí onílù bá lu ohùn àárín kan àti ohùn òkè kan, kí ni ó wí? Ó lè jẹ́ ilé. Ó lè jẹ́ owó. Ó lè jẹ́ ọjọ́, ewé tàbí ọkọ́. Márùn-ún ti gúnlẹ̀ sójú kan, àbọ̀ ti dí. Àwọn onílù wa kò sá fún ìṣòro yìí. Wọn kì í lu ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo kí wọ́n dákẹ́. Wọ́n a lu òwe, wọ́n a lu oríkì tí gbogbo ìlú ti mọ̀. Bí ìlù bá pe Tìmì Àgbàlé Ọlọ́fà-iná, kò sí ọmọ Ẹdẹ tí yóò rò pé nǹkan mìíràn ni. Wọ́n fi gígùn ọ̀rọ̀ pààlà agbo ìgbéra, àbọ̀ sì là. Ohun tí al-Khwarizmi ṣe sí nọ́ńbà ní Baghdad, àwọn onílù wa ń ṣe é sí ohùn ní ààfin Tìmì.

Ìtàn wa ńkọ́?

Ní ìdajì kejì ọ̀rúndún kọkàndínlógún, Tìmì Abíbù Lágúnjú jọba ní Ẹdẹ. Ọ̀kan nínú àwọn ọba Mùsùlùmí àkọ́kọ́ ní ilẹ̀ Yorùbá ni, ìtàn sì fi yé wa pé ó gbìyànjú láti fi òfin Ṣẹ̀ríà ṣe ìdájọ́. Lẹ́yìn tí wọ́n yọ ọ́ lórí oyè, Ìbàdàn ni ó gbé lọ sí ìgbẹ̀yìn ayé rẹ̀. Ayé rẹ̀ bọ́ sí ìgbà tí ọ̀nà kíka ọdún méjì ń pàdé ara wọn. Àwọn àlùfáà ń ka Hijra. Àwọn míṣọ́nnárì àti àwọn aṣojú ìjọba òyìnbó ń ka tiwọn. Ní 1907 reluwé dé Òṣogbo, ó sì gba Ẹdẹ kọjá. Aago reluwé, kọ́ọ̀tù àti ilé ẹ̀kọ́ ni ó jẹ́ kí ọdún òyìnbó borí nínú ìwé. Ọdún Hijra kù sí mọ́ṣáláṣí, sí àwẹ̀, sí Iléyá, àti sí etí tírà.

Èyí kì í ṣe ẹ̀sùn. A nílò méjèèjì. Ní November 2012, ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun fún àwọn òṣìṣẹ́ ní ọlidé nítorí ọdún Hijra 1434 tó wọlé. Ọ̀pọ̀ àwọn ọ̀dọ́ wa jókòó sílé lọ́jọ́ náà láìmọ bí a ti ń ṣírò láti ọdún kan dé èkejì. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ gbìyànjú rẹ̀ wò fúnra yín. Ní 27 August 1991 ni wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun sílẹ̀. Ẹ yọ 622, ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po 33, ẹ fi 32 pín in. Bí ẹ bá sún mọ́ 1412, ẹ káre. Lẹ́yìn náà ẹ yẹ kàlẹ́ńdà wò kí ẹ lè rí i pé oṣù Safar ni, kí ẹ má baà gbára lé ìfojúdá nìkan.

Ó tó kí á padà sí ìbéèrè Kálífà Umar. Ìwé tí wọ́n gbé wá bá a ní oṣù, kò ní ọdún. Èyí tó wà ní etí tírà àwọn bàbá wa ní ọdún, lọ́pọ̀ ìgbà kò ní oṣù. Wàhálà kan náà ni, ó kàn yí ojú padà ni. Umar kò bínú sí ẹni tó kọ ìwé, ó tún ọ̀nà ṣe fún àwọn tó ń bọ̀. Ohun tó kù fún àwa náà láti ṣe nìyẹn.

Nítorí náà, ẹ̀yin òbí, bí ẹ bá bímọ, ẹ kọ ọjọ́ inú ọ̀sẹ̀, ẹ kọ ọjọ́ oṣù, ẹ kọ oṣù, ẹ kọ ọdún, ní Hijra àti ní ti òyìnbó. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ tọ àwọn bàbá àgbà yín lọ kí ẹ ṣí àpótí tírà náà kí eku tó parí iṣẹ́ rẹ̀. Ohun tí ẹ bá bá níbẹ̀, ẹ dà á kọ gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti kọ ọ́, kí ẹ tó yí i padà. Bí ẹ bá sì ti yí i padà tán, ẹ má ṣe sọ ti àkọ́kọ́ nù, nítorí ẹ kò mọ̀ bóyá ọ̀nà tí ẹ gbà lọ jẹ́ irú èyí tó ní àbọ̀.

Bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Àmọ́ ẹni tí yóò wo ẹ̀yìn gbọ́dọ̀ ti fi àmì sí ọ̀nà nígbà tó ń lọ. Kí Ọlọ́hun má ṣe jẹ́ kí ìtàn àwọn bàbá wa sọ nù mọ́ wa lọ́wọ́, kí Ó sì fi ìmọ̀ tó wúlò kẹ́ àwọn ọmọ wa. Àmín.